Òrùlé Ni Kí Ẹ Gé, Ẹ Fi Èrò Sílẹ̀

Ọ̀rọ̀ kan ti gba ẹnu gbogbo ọlọ́gbọ́n Èkó báyìí: "Ẹ gé èrò kù." Ọmọkùnrin kan á fẹ́ gbéyàwó, á wá họ́ọ̀lù láti Ọ̀gbà dé Sùúrùlérè, iye tí wọ́n ń pè é á lé oorun lójú rẹ̀. Kó tó délé ròyìn ohun tójú rẹ̀ rí, pásítọ̀ á ti ní àádọ́ta èèyàn tó. Olóòtú ètò orí rédíò á ní ọgọ́rùn-ún, ó ti pọ̀ jù. Ọ̀rẹ́ rẹ̀ tó ṣe tiẹ̀ lọ́dún tó kọjá á sì máa yangàn pé gbogbo ẹni tó jẹun níbi ìgbéyàwó òun kò kún bọ́ọ̀sì BRT kan. Gbogbo wọn ti fẹnu kò: èrò ló jẹ̀bi. Wọ́n ti dájọ́ fún un, wọn ò sì gbọ́ tẹnu rẹ̀.

Mo fẹ́ ṣe agbẹjọ́rò fún èrò. Ohun tó ń gbé owó ìgbéyàwó gun òkè ní Èkó ni òrùlé, àti ọjọ́ Sátidé. Ẹni tó bá gé èèyàn kù tó sì fi òrùlé yẹn sílẹ̀ bó ṣe wà, ó ti lé àwọn tí ì bá bá a gbé ẹrù lọ, ẹrù ọ̀hún sì wà lórí rẹ̀ digbí.

Ẹ wo bí wọ́n ṣe ń ta họ́ọ̀lù ná. N kò sọ ti àwọn ibi ńláńlá bí Eko Convention Centre ní Victoria Island tàbí Landmark ní Oníru. Ẹni tó ń ṣe ìnáwó níbẹ̀ kò nílò ìmọ̀ràn mi. Àwọn tó wà ní Orégùn, Ìkẹjà, Mágódò àti Ayọ̀bọ̀ ni mò ń wí, àwọn tí olùkọ́, nọ́ọ̀sì àti oníṣòwò ń lọ béèrè iye wọn. Wọ́n á kọ ọ́ sára pátákó pé ó ń gba 1,000 èèyàn. Òótọ́ ni, bí ẹ bá to àga ní ìlà-ìlà bíi ti ṣọ́ọ̀ṣì, tí ẹnikẹ́ni kò sì ní jẹun. Ẹ wá gbé tábìlì rìbìtì tó ń gba ẹni mẹ́wàá-mẹ́wàá wọlé, kí ẹ ya àyè sọ́tọ̀ fún onílù, fún ìjókòó ọkọ àti ìyàwó, fún kéèkì, fún ibi ijó, kí àwọn tó ń gbé oúnjẹ sì rí ọ̀nà kọjá. 1,000 á di 600, nígbà mìíràn á di 500. Ẹni tó ni họ́ọ̀lù mọ̀ bẹ́ẹ̀. Ẹ̀yin lẹ ò mọ̀, títí di ọjọ́ ìgbéyàwó, nígbà tí àwọn ẹ̀gbọ́n bàbá ìyàwó bá dúró ti ògiri tàwọn ti agbádá wọn. Ẹnìkan á wá mi orí, á ní, "Ṣebí mo sọ fún yín pé èrò yìí pọ̀ jù?"

Iye tí wọ́n kọ́kọ́ dá yín lóhùn kọ́ lẹ máa san. Owó ìdógò wà, èyí tí wọ́n ń pè ní kọ́ṣọ̀n, tí wọ́n ní àwọn yóò dá padà bí nǹkan kan kò bá bàjẹ́. Ẹ bi àwọn tó ti gbà á padà léèrè bó ṣe rọrùn tó. Owó dísù wà fún wákàtí tí jẹnẹrétọ̀ bá fi ṣiṣẹ́ kọjá iye tí wọ́n là sílẹ̀, àti pé láti ìgbà tí náírà ti já wálẹ̀ ní 2023, dísù kúrò ní ohun tí ẹnikẹ́ni ń fi ta ẹnikẹ́ni lọ́rẹ. Owó kọ́kéèjì wà lórí ọtí àti mínírà tí ẹ bá fúnra yín rà wá. Bí ẹni tó fẹ́ bá yín ṣe ibẹ̀ lọ́ṣọ̀ọ́ kì í bá ṣe ara àwọn tiwọn, ó máa san owó ìwọlé, á sì rọra fi kún owó iṣẹ́ tó fẹ́ gbà lọ́wọ́ yín. Bẹ́ẹ̀ náà ni ti olóúnjẹ. Ìjọba pàápàá kò gbẹ́yìn. Òfin tí Èkó ṣe ní 2009 bu ìdá 5 nínú 100 lé ohun tí èèyàn bá ná sí òtẹ́ẹ̀lì, ilé oúnjẹ àti gbọ̀ngàn ayẹyẹ. VAT ti Àbújá, tó jẹ́ 5 tẹ́lẹ̀, ti di 7.5 láti oṣù Kejì 2020. Ẹ ka gbogbo rẹ̀ lọ́kọ̀ọ̀kan, kí ẹ sọ fún mi: èwo nínú wọn ni ẹnu àlejò jẹ? Bí 80 èèyàn ló wá, bí 600 ló wá, kọ́ṣọ̀n kì í dín, jẹnẹrétọ̀ kì í sì mọ iye orí tó wà nínú ilé kó tó mu dísù.

Ẹnìkan á ní họ́ọ̀lù kékeré wà fún èrò kékeré. Ó wà. Ṣùgbọ́n ẹ fi iye àlejò pín owó rẹ̀ kí ẹ tó yọ̀. Ká fi ṣe àpẹẹrẹ lásán: bí họ́ọ̀lù 100 èèyàn bá gba mílíọ̀nù 1, tí ti 600 gba mílíọ̀nù 3, ₦10,000 ni ẹ san lórí àlejò kọ̀ọ̀kan ní ti kékeré, ₦5,000 ní ti ńlá. Ẹ̀yin tí ẹ ní ẹ ń ṣọ́ owó ná lẹ ra àga tó wọ́n jù ní Èkó.

Oúnjẹ ńkọ́? Ibí yìí ni ẹsẹ̀ àwọn alátakò mi ti múlẹ̀ jù, n kò sì ní purọ́. Ẹnu 600 ju ẹnu 100 lọ, ìrẹsì kì í hù nínú kúlà. Àmọ́ ta ló sọ oúnjẹ ìnáwó di ohun tí wọ́n ń kà ní àwo kọ̀ọ̀kan? Nínú àgbàlá, àwọn ìyàwó ilé àti ọmọ osú ni wọ́n ń gé àlùbọ́sà mọ́jú. Màlúù á ti ṣubú nídàájí, alásè á gbé ìkòkò ka iná igi, owó iṣẹ́ òun àti àwọn ọmọ ẹ̀yìn rẹ̀ ni wọ́n á san, ó parí. Họ́ọ̀lù kò fẹ́ èéfín. Ọ̀pọ̀ wọn kì í jẹ́ kí iná igi wọ ọgbà. (Ìrẹsì tí èéfín kò kàn, kí ni wọ́n tún wá ń pè é ní ìrẹsì àríyá?) Ló bá di pé oúnjẹ gbọ́dọ̀ ti ìta wá, nínú ọkọ̀, lọ́wọ́ kẹ́tárà tó ń ka àwo, àwo náà bá bẹ̀rẹ̀ sí í bímọ: pọ́fùpọ́fù kéékèèké àti sàmósà ṣáájú oúnjẹ, ohun mímu aláwọ̀ mẹ́ta nínú ife gígùn, tábìlì amálà lọ́tọ̀, tábìlì oúnjẹ àwọn ará Ṣáínà lọ́tọ̀, àwọn ọmọge tó wọ aṣọ kan náà láti máa pín in. Ìyá tó ti Ìkòròdú wá kò béèrè èyíkéyìí nínú wọn. Ìrẹsì, ẹran tójú lè rí, omi tútù: bí ẹ bá gbé èyí fún un pẹ̀lú ọ̀yàyà, ó ti gbà pé ẹ ṣe òun lálejò. Ògiri funfun họ́ọ̀lù yẹn ló béèrè ìyókù. Ibi tó bá ti ń gba irú owó bẹ́ẹ̀, ojú á ti èèyàn láti gbé ìrẹsì àti ẹran nìkan síwájú ẹni tó jókòó síbẹ̀.

Ṣùgbọ́n ohun tó ká mi lára jù nínú ọ̀rọ̀ gígé èrò ni owó tí wọ́n ti ná tẹ́lẹ̀, tí àwọn ọmọ wa kò kà mọ́ ìṣirò. Ìyá tó ní òun fẹ́ pe 300 èèyàn, ẹ má pè é ní aláṣehàn kí ẹ tó wo inú àpótí aṣọ rẹ̀. Léèsì àti àǹkárá tó wà níbẹ̀, aṣọ ẹbí ìnáwó àwọn ẹlòmíràn ni. Ó rà á ju iye rẹ̀ lọ́jà lọ, nítorí ẹni tó ń ṣe ìnáwó ti fi èrè díẹ̀ lé e láti fi gbọ́ bùkátà, gbogbo ayé sì mọ̀ bẹ́ẹ̀. Ó ti jí ní aago mẹ́rin ìdájí lọ bá wọn bó àlùbọ́sà ní Muṣin. Ó ti fi owó sínú àpò ìwé fún ọmọ ẹgbẹ́ rẹ̀ ní Ìdúmọ̀tà, nígbà tí owó ilé ẹ̀kọ́ ẹ̀yin alára ṣì wà nílẹ̀. Èésú ni gbogbo rẹ̀. Ọ̀pọ̀ ọdún ló fi dá a, ọjọ́ ìgbéyàwó ọmọ rẹ̀ ni yóò sì kó o. Ẹ̀yin wá sọ fún un nígbà tí ọjọ́ ìkówó kù sí dẹ̀dẹ̀ pé ẹ ti tú ẹgbẹ́ ká, pé ìgbéyàwó tó ní ìtumọ̀ lẹ̀yin ń fẹ́. Owó ta ni ẹ fi ń ra ìtumọ̀ yẹn?

Ẹni tó bá ń ka èrò sí ìnáwó nìkan kò tíì rí ohun tí èrò ń gbé wá. Èrè aṣọ ẹbí wà. Àpò ìwé wà. Ẹgbẹ́ ìyá ìyàwó lè dá owó màlúù, àbúrò bàbá lè ní òun ló ni mínírà, ará ilé lókè ọ̀hún á fi iṣu ránṣẹ́. Ní ti owó tí wọ́n ń ná mọ́ni lórí, òfin Báńkì Àpapọ̀ ti 2007 kà á sí ẹ̀ṣẹ̀, ẹ̀wọ̀n tí kò dín ní oṣù mẹ́fà tàbí ìtanràn tí kò dín ní ₦50,000. Ọ̀pọ̀ ọdún ni a fi rò pé ìjọba ń ṣeré ni, títí EFCC fi bẹ̀rẹ̀ sí í gbé èèyàn lọ sílé ẹjọ́ nítorí rẹ̀. Kó máa gba inú àpò ìwé, iye rẹ̀ kò yí padà. Àwọn tí ẹ yọ orúkọ wọn kúrò, wọ́n bá àpò ìwé wọn lọ ni. Àwọn àádọ́ta tó kù, ọ̀rẹ́ ẹnu iṣẹ́ yín, ẹ̀bùn tí wọ́n máa gbé wá ni abẹ́là olóòórùn dídùn.

Níbo la tilẹ̀ ti rí àádọ́ta yìí? Inú àjàkálẹ̀ àrùn ni. Ní 2020 tí kòrónà dé, ìjọba ti àwọn gbọ̀ngàn pa, wọ́n sì ka iye èèyàn tó lè péjọ. Ẹni tó fẹ́ gbéyàwó ṣe é bó ṣe bá a. Ìyẹn kò burú, ikú ni a ń sá fún. Àrùn lọ tán, àwọn kan rí i pé ẹ̀yẹ wà nínú rẹ̀ fún ẹni tó bá mọ bí wọ́n ṣe ń gbé e. Ohun tí wọ́n fi tipátipá mú gbogbo wa ṣe wá di àmì pé èèyàn lajú.

Wọ́n á sì sọ fún yín pé ó dín owó kù. Ẹ wò ó dáadáa. Àádọ́ta èèyàn yẹn kì í jókòó ní Ayọ̀bọ̀. Etí omi ní Lẹ́kí ni, òdòdó tútù ló kún orí tábìlì, ìyàwó pààrọ̀ aṣọ nígbà mẹ́ta, wọ́n ti ya fọ́tò ṣáájú ìgbéyàwó ní ibi méjì, àwọn géńdé dúró lẹ́nu ọ̀nà tí wọ́n ń yẹ ìwé ìpè wò. Owó oúnjẹ tí wọ́n yọ lẹ́nu Ìyá Ìkòròdú ni wọ́n fi gbé kámẹ́rà fò lójú ọ̀run. N kò bá ẹni tó fẹ́ràn bẹ́ẹ̀ jà, ẹni tó lówó ló nílé ìgbádùn. Ẹni tó bá sì mú ẹlẹ́rìí méjì lọ sí ilé ìforúkọsílẹ̀ ìgbéyàwó ní Ìkòyí, tó padà sílé lọ jẹ iyán, mo kí i kú oríire. Tiẹ̀ mọ́ kedere. Àwọn tó ń gbádùn tí wọ́n ní ìṣọ́wóná làwọn ń ṣe, tí wọ́n sì ń fi bú ìyá tó fẹ́ bọ́ ẹgbẹ́ rẹ̀, àwọn ni mò ń bá wí.

Ẹ jẹ́ ká padà sórí òrùlé. Nígbà tí owó epo rọ̀bì ń ṣàn láàárín àwọn ọdún 1970, tí ìgbìmọ̀ Udoji sì ti jẹ́ kí owó oṣù àwọn òṣìṣẹ́ ìjọba gun òkè, Èkó ń ṣe àríyá débi pé Sunny Adé àti Ebenezer Obey kò rí ọjọ́ sinmi. Họ́ọ̀lù kò ṣàìsí nígbà náà. Glover Memorial Hall ti wà ní Erékùṣù Èkó tipẹ́, níbi tí wọ́n ti kọ́kọ́ fi sinimá han èèyàn ní Nàìjíríà ní 1903. Àmọ́ ẹni tó ní àgbàlá kò rò ó pé dandan ni kí òun lọ yá òrùlé. Ojúlé ni wọ́n ń ta tapólì sí, wọ́n á sì ti ibẹ̀ bọ́ sójú títì.

N kò ní kí ẹ dí títì o. Ìjọba Èkó ti kìlọ̀ fún wa léraléra, ọ̀rọ̀ wọn sì tọ́: awakọ̀ tó ń gbé aláboyún lọ sí ọsibítù kò mọ ìyàwó yín rí. Ṣùgbọ́n títì nìkan kọ́ ni ilẹ̀ gbalasa tó wà ní Èkó. Àgbàlá ilé ẹbí wà, pápá ẹ́sítéètì wà, ibi tí wọ́n ń gbé ọkọ̀ sí ní ṣọ́ọ̀ṣì àti ọgbà mọ́ṣáláṣí wà, tó jẹ́ pé ẹ̀yin àti òbí yín lẹ ti ń dá owó sí i láti ọjọ́ yìí. Ọgbà ìgbafẹ́ wà tí èèyàn lè gba ìwé àṣẹ kó sì sanwó rẹ̀: Ndubuisi Kanu ní Aláùsá, Rafiu Jafojo ní Ṣáṣá. Freedom Park wà ní Broad Street, tó jẹ́ ọgbà ẹ̀wọ̀n àwọn òyìnbó kí wọ́n tó sọ ọ́ di ibi fàájì ní 2010. Kánópì kan tí wọ́n ń yá ní àdúgbò máa ń gba nǹkan bí 50 àga. Kánópì 12 ti bo 600 èèyàn. Ẹni tó ń yá kánópì ní Agége ṣeé ná lọ́jà. Ó mọ̀ pé ẹlòmíràn wà ní òpópónà kejì. Ẹ lọ wò ó bóyá ẹ lè ṣe bẹ́ẹ̀ sí mánijà họ́ọ̀lù tó ti rí i pé ẹ ti tẹ ìwé ìpè.

Àti Sátidé yẹn. Ọjọ́ mẹ́fà ni ọ̀pọ̀ họ́ọ̀lù fi ń sùn kó tó jí jẹun lọ́jọ́ keje, gbogbo ebi ọ̀sẹ̀ ni ó sì máa ń jẹ sí ẹni tó bá pàdé rẹ̀ lọ́jọ́ náà. Ẹni tó bá ta kú pé Sátidé kan nínú oṣù Kejìlá lòun ń fẹ́, àwọn tó ń ti Lọ́ńdọ̀nù àti Houston bọ̀ ló ń bá du ilẹ̀, pọ́n-ùn àti dọ́là ni wọ́n sì kó dání. Ẹ gbé e lọ sí oṣù Kìíní, nígbà tí wọ́n ti padà sẹ́nu iṣẹ́, tí ọyẹ́ ṣì ń fẹ́: ẹni tó ni họ́ọ̀lù fúnra rẹ̀ á máa pè yín. Nikáì bọ́ sí Àìkú láìsí wàhálà. Ìdána àti ìgbàlejò lè wáyé níbì kan náà lọ́jọ́ Ẹtì, àárọ̀ fún alága ìdúró àti alága ìjókòó, ọ̀sán fún ijó. Ṣọ́ọ̀ṣì yín lè kọ Ẹtì. Ẹ bi wọ́n léèrè kí ẹ tó sọ pé kò ṣeé ṣe.

Ẹ tún wo ibi tí àlejò ń gbé. Bí ẹ bá gbé ìgbéyàwó lọ sí Lẹ́kí, àwọn ìbátan tó wà ní Ìpájà ló máa san owó ọkọ̀ lọ-bọ̀, afárá tó ti Lẹ́kí já sí Ìkòyí sì tún ti ń gba owó ìkọjá láti oṣù Kẹrin 2024. Bí ẹ bá ní ilé baba ní Abẹ́òkúta, kí ló dé tí ẹ ń bá Èkó jìjàkadì? Ọkọ̀ ojú irin tí ìjọba ṣí ní gbangba ní oṣù Kẹfà 2021 ń gbé èrò láti Èbúté Mẹ́ta lọ sí Ìbàdàn, ó sì ń dúró ní Abẹ́òkúta, ní ibùdókọ̀ tí wọ́n fi sọrí Wọlé Ṣóyínká.

Mo ti gbọ́ àtakò yín. Òjò? Ó tọ́. Láti oṣù Kẹrin dé Keje, òjò Èkó kì í ṣeré, ó sì tún máa ń padà wá ní Kẹsàn-án àti Kẹwàá. Ẹni tó bá ta kánópì sí pápá ní oṣù Kẹfà, òun àti òjò ló mọ. Ilé ìgbọ̀nsẹ̀? Láti ìgbà tí oníṣòwò tí wọ́n ń pè ní Otunba Gadaffi ti sọ ilé ìgbọ̀nsẹ̀ alágbèéká di òwò ní Èkó, àwáwí yẹn ti tán. Àwọn ọmọ àdúgbò? Wọ́n á wá, wọ́n á ní kí ẹ rí àwọn. Ṣé wọn kì í wà lẹ́nu ọ̀nà họ́ọ̀lù ni, níbi tí wọ́n ti ń júwe fún ọkọ̀ tí kò ṣìnà? Mo-gbọ́-mo-yà? Ẹ bu ìrẹsì fún un. Bó bá yá, òun náà ni yóò bá yín to àga padà.

Ìjọba náà lè fún wa ní ilẹ̀. Ìjọba ìbílẹ̀ 20 ni ìwé òfin Nàìjíríà kà fún Èkó, ìpínlẹ̀ sì fi 37 tó pè ní agbègbè ìdàgbàsókè kún un, 57 lápapọ̀. Kò sí èyí tí kò ní sẹkitéríàtì nínú wọn, ọ̀pọ̀ ló sì ní gbọ̀ngàn tàbí pápá lọ́gbà, tó máa ń ṣófo láti ìrọ̀lẹ́ Ẹtì títí di àárọ̀ Ajé. Àkókò ìbò ni kánópì àti àga kì í wọ́n àwọn olóṣèlú wa. Ìbò ìjọba ìbílẹ̀ ti oṣù Keje 2025 sì ti lọ. Kí wọ́n kó wọn jáde wá. Kí wọ́n lẹ iye owó gbọ̀ngàn àti pápá mọ́ ara ògiri, kí ará àdúgbò san díẹ̀ kó sì gba rìsíìtì, kí akọ̀wé wọn má sì sọ ọ́ di oko ara rẹ̀. Bí orúkọ alága àti àwòrán rẹ̀ tó ń rẹ́rìn-ín bá wà lára kánópì tó ṣíji bo ìyàwó nínú fọ́tò, ìyàwó á fara dà á.